Ọ̀pẹ̀yìnbó Tí Ẹnikẹ́ni Ò Gbọdọ̀ Sọ Pé Yóò Bàjẹ́

Nínú ilé tí wọ́n ti tọ́ mi dàgbà, nǹkan kì í tán. Gàrí lè ku ìwọ̀nba tí kò bo ìdí ọ̀rá, epo lè gbẹ kanlẹ̀ nínú kẹ́ẹ̀gì, iyọ̀ lè di ohun tí à ń fi ìka há nínú agolo, màmá mi kò ní sọ pé ó ti tán. "Gàrí ti pọ̀," ni wọn yóò wí, wọn yóò sì rẹ ohùn sílẹ̀ bí ẹni tí ọmọ ń sùn lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀. Ìgbà náà ni èmi yóò mọ̀ pé ó yẹ kí n mú abọ́ kí n lọ ra òmíràn. Bí mo bá gbàgbé, tí mo pariwo láti ilé ìdáná pé, "Màámi, gàrí ti tán o!", wọn yóò kọ́kọ́ ní kí n tutọ́ sílẹ̀ ná, kí wọ́n tó dá mi lóhùn.

Ti ọjà wọn tún le ju ti ilé lọ. Èso kì í bàjẹ́ lórí àtẹ màmá mi. Èyí tó bá rọ̀ ju bó ṣe yẹ lọ, wọn á ní ó ti rẹ̀ ẹ́. Èyí tó bá ti ń run, tí eṣinṣin ti gba àkóso rẹ̀, wọn á ní ó ti lọ ṣáájú. Èmi kì í fara mọ́ ọn. Inú mi kì í pẹ́ bí, mo sì fẹ́ràn kí á pe nǹkan ní orúkọ tó ń jẹ́. Mo máa ń fi wọ́n ṣe yẹ̀yẹ́ pé, "Ẹ bá wa sọ fún àwọn ẹ̀fọn àdúgbò wa yìí náà pé wọn ò sí, bóyá wọ́n á lọ." Wọn yóò rẹ́rìn-ín. "Ẹyin lọ̀rọ̀," ni wọn yóò wí, "bó bá balẹ̀, fífọ́ ló ń fọ́. Èmi ni mo ń jókòó ti ọjà mi, kì í ṣe ìwọ."

Irú ìgbàgbọ́ yìí ló kó wa dé kóòtù, tó sì fẹ́rẹ̀ẹ́ má jẹ́ ká bọ́ níbẹ̀.

Ìgbà tí mo ń sọ yìí, wọ́n ṣì ń fẹ márosẹ̀ tó lọ láti Lẹ́kí sí Ẹ̀pẹ́. Ọ̀dà tuntun wà lápá kan, yẹ̀pẹ̀ pupa wà lápá kejì, gbogbo wa tí a ń gbé ibẹ̀ sì ń jẹ eruku mọ́ oúnjẹ. Ọ̀nà Addo ní Àjáh ni à ń gbé, yàrá kan àti pálọ̀ kan. Káfíńtà ni bàbá mi. Iṣẹ́ ilé kíkọ́ ló gbé e kúrò ní Ìjẹ̀bú wá sí ọ̀nà yìí, ibẹ̀ náà ló sì kú sí. Láti ìgbà tó ti kú ni ẹ̀gbọ́n màmá mi ọkùnrin, tí mo ń pè ní Bàbá Ìjẹ̀bú, ti ń wá lọ́dọọdún láti wá bi àbúrò rẹ̀ ní ìbéèrè kan ṣoṣo: "Kí lo tún ń dúró ṣe níbí?"

Ní tòótọ́, ìdáhùn màmá mi kò lẹ́sẹ̀ nílẹ̀. Ọjà ẹlòmíràn ni wọ́n ń bá a tà. Obìnrin kan ló ń kó èso wá láti ìhà Ẹ̀pẹ́, òun ló ni ọjà, òun ló ni àtẹ, màmá mi ló ni oòrùn. Ṣùgbọ́n wọ́n fẹ́ràn Àjáh bí ẹni tó fẹ́ràn ọmọ aláriwo. Wọ́n fẹ́ràn àwọn mẹkáníìkì tó máa ń kí wọn láti abẹ́ mọ́tò láìjáde, wọ́n fẹ́ràn àwọn birikilà tó máa ń ya ra èso ní ìrọ̀lẹ́ pẹ̀lú sìmẹ́ǹtì lórí irun, wọ́n sì fẹ́ràn kí èmi ti ibi iṣẹ́ dé bá wọn níbẹ̀ kí a jọ rìn lọ sílé. Wọn kò sọ èyí fún ẹ̀gbọ́n wọn rí. Ohun tí wọ́n sọ ni pé wọ́n fẹ́ lọ kó ẹrù tiwọn.

"Ó dáa," ni Bàbá Ìjẹ̀bú wí. "Lọ kó o. Bí ẹrù náà bá yọrí sí rere, n kò ní béèrè mọ́ láé. Bí kò bá yọrí sí rere, mọ́tò mi á wá kó ọ lọ sílé, o ò sì ní bá mi jiyàn."

Màmá mi kúnlẹ̀, wọ́n gbà. Èmi tí mo dúró lẹ́nu ọ̀nà, àyà mi já, nítorí pé iṣẹ́ mi wà ní Ìgbó Ẹfọ̀n. Bí wọ́n bá lọ, èmi nìkan ni yóò kù sí Addo.

Ọ̀pẹ̀yìnbó ni wọ́n lọ kó. Wọ́n fi ọwọ́ ara wọn yàn án lóko, ọ̀kọ̀ọ̀kan, wọ́n gbóòórùn ìdí rẹ̀, wọ́n fi ìka ta á. Wọ́n háyà mọ́tò akẹ́rù kékeré kan, wọ́n jókòó ti awakọ̀, ọkàn wọn sì balẹ̀ títí wọ́n fi dé ìtòsí Lákọ̀wé, níbi tí táyà ẹ̀yìn ti jò.

Ẹrù wúwo jù fún jáàkì. Awakọ̀ ní kí wọ́n sọ̀ ọ́ kalẹ̀ díẹ̀ ná. Ẹlòmíràn ì bá dà á jọ bí òkúta, kó dúró tì í. Ṣùgbọ́n ọwọ́ màmá mi kò mọ bí wọ́n ṣe ń da ọ̀pẹ̀yìnbó jọ. Ọwọ́ tó ti ń pàtẹ láti ọjọ́ yìí wá, pípa àtẹ náà ló tún ṣe. Wọ́n tò ó ní ìlà, ewé sókè, èyí tó pọ́n jù níwájú, èyí tó tóbi jù láàárín. Wọ́n tilẹ̀ fi ìborùn wọn nu eruku ara rẹ̀. Nígbà tí awakọ̀ fi máa tú táyà náà sílẹ̀ tán, kò sí àtẹ tó dára tó bẹ́ẹ̀ láti Lákọ̀wé dé Lẹ́kí.

Obìnrin kan dúró pẹ̀lú mọ́tò rẹ̀. Ó ní èló ni?

Ibí yìí ni mo máa ń dá awakọ̀ dúró nígbà tó ń sọ ìtàn náà, kí n lè bínú dáadáa. Torí ẹni tó bá ní ọpọlọ á sọ pé, "Ẹ má bínú, táyà wa ló jò, a ò tà." Ṣùgbọ́n òwúrọ̀ ni, obìnrin yìí sì ni ẹni àkọ́kọ́ tó máa na ọwọ́ sí ẹrù tí màmá mi kọ́kọ́ dá kó láyé wọn. Àkọ́rà ni wọ́n ń pè é. Ẹni tó bá lé àkọ́rà, gẹ́gẹ́ bí màmá mi ti mọ̀ ọ́n, ó ti lé gbogbo ọjọ́ náà dànù. Wọ́n tà á fún un. Wọ́n fi ẹ̀rín tà á. Bí obìnrin náà ṣe ń gbà á lọ́wọ́ wọn ni mọ́tò àwọn tó ń lé ọlọ́jà kúrò lójú títì dé, àwọn tí gbogbo wa ń pè ní tásíkì fọ́ọ̀sì.

"Màdámù, ẹ̀yin lẹ ń pàtẹ sójú títì ìjọba?"

"Rárá o, ọ̀gá mi. Táyà ló jò."

Ọ̀gá náà wo táyà. Ó wo ìlà ọ̀pẹ̀yìnbó pẹ̀lú ewé rẹ̀ lókè. Ó wo obìnrin tó di ọ̀kan mú. Ó wo owó lọ́wọ́ màmá mi. Awakọ̀ ní òun gan-an fẹ́ rẹ́rìn-ín. Wọ́n kó gbogbo rẹ̀.

Ọ́fíìsì lọ́yà ni mo ti ń ṣiṣẹ́ ní Ìgbó Ẹfọ̀n, mo ń tẹ ìwé, mo ń fún àwọn oníbàárà ní ìjókòó. Ibẹ̀ ni màmá mi wá bá mi ní ọ̀sán ọjọ́ náà, eruku bo ẹsẹ̀ wọn, wọ́n mú ewé ọ̀pẹ̀yìnbó kan ṣoṣo dání tó já bọ́ nígbà tí wọ́n ń kó ẹrù. Wọn kò sunkún. Wọ́n ní, "Ẹrù mi wà lọ́dọ̀ ìjọba, ó ń sinmi." Bákan náà ni wọ́n ti sọ ọ́ fún ẹ̀gbọ́n wọn lórí fóònù. Ọmọ ìyá kan ni wọ́n, nítorí náà Bàbá Ìjẹ̀bú kò nílò ògbufọ̀. "Ọjọ́ tí kóòtù bá dá," ló wí, "èmi àti mọ́tò mi á wà níbẹ̀."

Ọ̀gá mi gbọ́ ọ̀rọ̀ náà láti inú yàrá rẹ̀. Ọkùnrin jẹ́jẹ́ ni, ó máa ń fi áńkáṣíìfù nu ojú rẹ̀ bí òtútù ẹ̀rọ amúlétutù bá tilẹ̀ ń mú gbogbo wa. Ó ní, "Ìyá, ẹ jókòó. Ẹjọ́ pípàtẹ sójú títì, ìyẹn lè pẹ́. Ṣùgbọ́n òfin ò ní kí ohun tó ń tètè bàjẹ́ dúró de ẹjọ́. A máa bẹ kóòtù kí wọ́n kọ́kọ́ dá ẹrù náà sílẹ̀."

"Ohun tí kí ni?" ni màmá mi bi í.

Ọ̀gá mi kò mọ ọ̀nà tí òun ń gbà. Ó tún un sọ. Màmá mi wò mí bí ẹni pé èmi ni mo kọ́ ọ.

Èmi ni mo tẹ ìwé ìbúra náà. Ìwé yìí ni màmá mi gbọ́dọ̀ búra sí kí adájọ́ tó lè gbọ́ wa, ohun tó sì ṣe pàtàkì jù níbẹ̀ ni gbólóhùn kan tó sọ pé ẹrù náà yóò bàjẹ́ bí wọn kò bá tètè dá a sílẹ̀. Mo kà á fún wọn ní Yorùbá. Nígbà tí mo dé ibẹ̀, wọ́n fa ọwọ́ wọn kúrò lórí tábìlì bí ẹni tí iná jó.

"Pa á rẹ́."

"Màámi, òun gan-an ni ẹjọ́ wa."

"Mo ní kí o pa á rẹ́. Ṣé kí n gbé Kùránì tàbí Bíbélì lọ́wọ́, kí n fi orúkọ Ọlọ́run búra pé ọjà mi á bàjẹ́? Èpè wo ló tún kù? Àwọn tó kó o gan-an ò ṣẹ́ irú ẹ̀ fún mi."

Mo ní kí wọ́n jẹ́ kí èmi búra dípò wọn. Wọ́n ní kí n gbìyànjú rẹ̀ wò. Ọ̀gá mi fi òfin ṣàlàyé, ó fi sùúrù ṣàlàyé, ó nu ojú. Màmá mi gbọ́ gbogbo rẹ̀, wọ́n dúpẹ́ lọ́wọ́ rẹ̀, wọ́n sì ní, "Lọ́yà, ẹ kọ ọ́ pé èso ni. Ẹ kọ ọ́ pé oòrùn ń mú. Adájọ́ náà ní orí."

Bẹ́ẹ̀ la ṣe kọ ọ́. Orí ń fọ́ mi títí mo fi délé lọ́jọ́ náà. Mo bá wọn jà, mo ní, "Ẹnu ẹni la fi ń kọ 'mé jẹ.' Tí wọ́n bá kó yín lọ sí Ìjẹ̀bú, ẹ rántí pé ẹnu yín ni." Wọ́n ń ṣan abọ́ tí wọ́n ti ṣàn tẹ́lẹ̀.

Kí ọjọ́ kóòtù tó pé, a lọ wo ẹrù náà ní àgbàlá tí wọ́n kó o sí. Wọn kò jẹ́ ká wọlé, àfi ká wò ó láti ara wáyà. Wọ́n ti fi tapólìn bò ó mọ́lẹ̀ bí òkú, oòrùn sì ń jó o. Òórùn rẹ̀ ti kan wá kí a tó dé ibẹ̀. Oyin ti bò ó. Ọkùnrin sísanra kan tó ń ṣọ́ àgbàlá náà dúró sí ọ̀ọ́kán, ó di àkéte rẹ̀ mú, ó ń lé oyin.

Màmá mi kí i, wọ́n bi í nípa ìdílé rẹ̀, wọ́n bá a kẹ́dùn oyin. Lẹ́yìn náà ni wọ́n ní, "Ọ̀gá mi, ẹ jọ̀ọ́, ẹ bá mi ká aṣọ yẹn kúrò lórí wọn. Ooru ń mú wọn."

"Ìyá, ẹ̀sìbíìtì ni. A ò gbọdọ̀ fọwọ́ kàn án."

"Mo mọ̀. Aṣọ ni mo ní kí ẹ fọwọ́ kàn, n ò ní kí ẹ fọwọ́ kan ọ̀pẹ̀yìnbó."

Ọkùnrin náà ronú sí i. Ó ká tapólìn náà, ó nà án sórí igi mẹ́rin bí àtíbàbà, afẹ́fẹ́ sì ń wọ ibẹ̀. Oyin ta á lẹ́tí nídìí iṣẹ́ náà. Màmá mi ṣàdúrà fún un títí ó fi bẹ̀rẹ̀ sí í ṣe àmín pẹ̀lú ọwọ́ lórí etí.

Ọjọ́ kóòtù dé. Obìnrin àgbàlagbà ni adájọ́ wa, awò ojú rẹ̀ wà lórí imú, kì í wo ènìyàn nínú rẹ̀, òkè rẹ̀ ló ti máa ń wò wá. Lọ́yà ìjọba jẹ́ ọ̀dọ́mọkùnrin kan tí kọ́là rẹ̀ le gan-gan. Ó dìde, ó ní òun ti ka ìwé ìbúra wa síwájú àti sẹ́yìn.

"Olúwa mi, kò sí ibì kan tí ìyá yìí ti sọ pé ẹrù òun yóò bàjẹ́. Wọ́n ní èso ni. Wọ́n ní oòrùn ń mú. Olúwa mi, oòrùn ń mú gbogbo wa."

Àwọn ènìyàn rẹ́rìn-ín. Èmi kò rẹ́rìn-ín. Mo wo ẹ̀yìn, mo rí Bàbá Ìjẹ̀bú tó ń wọlé, fìlà lọ́wọ́, kọ́kọ́rọ́ mọ́tò ní ìka.

Adájọ́ ní kí màmá mi bọ́ síwájú. Yorùbá ló fi bi wọ́n.

"Ìyá, bí ọ̀pẹ̀yìnbó yín bá wà níbi tó wà yìí títí ẹjọ́ fi parí, kí ni yóò ṣẹlẹ̀?"

"Ire ni, Olúwa mi."

"Mo ní kí ni yóò ṣẹlẹ̀ sí ọ̀pẹ̀yìnbó?"

"Kò ní rí ibi, lágbára Ọlọ́run."

Ọ̀gá mi fi áńkáṣíìfù bo ojú, kò sì tètè mú un kúrò. Lọ́yà ìjọba dìde pẹ̀lú ayọ̀. "Olúwa mi, ẹ gbọ́ ọ lẹ́nu olóhun. Kò ní bàjẹ́. Ẹ jẹ́ kó dúró de ẹjọ́." Ó kù díẹ̀ kí n pariwo láti ẹ̀yìn pé yóò bàjẹ́, ó tilẹ̀ ti ń bàjẹ́, kí wọ́n tì mí mọ́lé bó bá wù wọ́n. Màmá mi yí ojú wá sí ọ̀dọ̀ mi bí ẹni pé wọ́n gbọ́ ọ nínú mi. Mo pa ẹnu mi dé.

Adájọ́ wo màmá mi lókè awò. Ó wo lọ́yà ìjọba.

"Kò burú," ló wí. "Ìyá ti sọ tiwọn. Ìwọ ńkọ́, lọ́yà? Kí ni ọ̀pẹ̀yìnbó máa ń ṣe tí ó bá pẹ́ nínú oòrùn? Sọ ọ́ fún ìyá."

Ọ̀dọ́mọkùnrin náà bẹ̀rẹ̀ sí í sọ Gẹ̀ẹ́sì. Adájọ́ gbé ọwọ́ sókè. "Yorùbá. Kí ìyá lè gbọ́."

Ó kọjú sí màmá mi. Wọn kò bínú sí i. Wọ́n ń wò ó bí ìyá ti ń wo ọmọ tó mú ọ̀bẹ, tí kò fẹ́ kó já lù ú lẹ́sẹ̀. Ó tún yíjú sí adájọ́.

"Olúwa mi, ìyá tèmi náà ń tajà."

"N kò bi ọ́ léèrè ìyá rẹ."

Ó fa kọ́là rẹ̀. "Ọlọ́run ò ní jẹ́ ó bàjẹ́ o," ló wí.

"Àmín!" Gbogbo kóòtù ló ṣe é pọ̀: àwọn tó wá gbọ́ ẹjọ́ tiwọn, akọ̀wé kóòtù, ọlọ́pàá tó wà lẹ́nu ọ̀nà. Èmi náà ṣe é kí n tó mọ̀. Bàbá Ìjẹ̀bú ló ṣe é sókè jù.

Adájọ́ yọ awò rẹ̀, ó nu ojú. Ó ní ta ló ń ṣọ́ ẹrù náà? Ọkùnrin sísanra ọjọ́sí jáde wá, etí kan ṣì wú.

"Báwo ni ẹrù náà ṣe wà?"

Ọkùnrin náà wo ọ̀gá rẹ̀ tó jókòó lẹ́yìn lọ́yà ìjọba, ó wo màmá mi, ó wo ilẹ̀. "Olúwa mi," ló wí, "ó ti ń dùn jù."

Ẹ̀rín bú. Adájọ́ dúró kí ó rọlẹ̀. Lẹ́yìn náà ló wá sọ̀rọ̀, kò sì rẹ́rìn-ín mọ́.

"Gbogbo ẹni tó wà níbí ló mọ ohun tí èso máa ń ṣe nínú oòrùn. Kò sì sí ẹyọ ẹnìkan tó fẹ́ sọ ọ́ sí ìyá létí. Èmi náà ò ní sọ ọ́." Ó tẹrí ba, ó ń kọ̀wé. Ó pẹ́ tó ń kọ ọ́, ìró bírò rẹ̀ nìkan là ń gbọ́. "Ó dáa. Kí wọ́n dá ẹrù náà sílẹ̀ fún wọn lónìí, kí ẹjọ́ máa bá tirẹ̀ lọ. Mo ti kọ ìdí rẹ̀ síbẹ̀. Gẹ̀ẹ́sì ni mo fi kọ ọ́, ìyá, ẹ fọkàn balẹ̀. Gẹ̀ẹ́sì ò mọ ọ̀nà àtẹ yín."

Wọ́n ní a kì í ti kóòtù dé ká ṣọ̀rẹ́. Màmá mi dúró lẹ́nu ọ̀nà kóòtù, wọ́n sọ fún lọ́yà ìjọba pé kó ya ní Àjáh lọ́jọ́ tó bá fẹ́, kó yan èyí tó wù ú fún ìyá rẹ̀. Ọmọ náà dọ̀bálẹ̀ pẹ̀lú aṣọ dúdú rẹ̀.

Ṣùgbọ́n nígbà tí a dé àgbàlá, ẹ̀rín kúrò lẹ́nu mi. Ọ̀pọ̀ nínú ẹrù náà ti lọ ṣáájú. Àwọn tó wà nísàlẹ̀ ti di omi, wọ́n ń hó. Èyí tó kù kò ju bí ìdajì lọ, ìyẹn náà sì pọ́n dé góńgó, àfi ká tà á lọ́jọ́ náà. Màmá mi ń ṣà á. Bàbá Ìjẹ̀bú ti wa mọ́tò rẹ̀ wọlé, mọ́tò tó ní yóò kó màmá mi lọ sílé. Ó dúró tì í, ó wo òkìtì tó dára, ó wo èyí tí kò dára. Bí ẹrù náà bá yọrí sí rere, ni òun fúnra rẹ̀ ti wí. Ta ni yóò wá sọ pé ìdajì jẹ́ rere?

"Àbúrò mi," ló wí jẹ́jẹ́, "ṣé gbogbo èyí ti..." Ó gbé ọ̀rọ̀ náà mì. Ìyá kan náà ló tọ́ àwọn méjèèjì.

Màmá mi nàró. Oje ọ̀pẹ̀yìnbó ń kán ní ìgbọ̀nwọ́ wọn.

"Ẹ̀rù bà mí, bùrọ̀dá," ni wọ́n wí.

N kò gbọ́ irú ọ̀rọ̀ bẹ́ẹ̀ lẹ́nu wọn rí. Èmi tí mo ti ń jà fún pípe nǹkan lórúkọ láti kékeré, n kò mọ ibi tí mo fẹ́ kọjú sí.

"Láti ọjọ́ tí wọ́n ti kó o ni ẹ̀rù ti ń bà mí. N ò lè sọ ọ́. N ò fẹ́ padà lọ sílé. Ibí yìí ni mo fẹ́ràn. Ọmọ mi wà níbí, ọkọ mi wà nílẹ̀ níbí, àwọn ènìyàn mi wà níbí. Ẹ̀rù ń bà mí pé ẹ máa kó mi lọ, n ò sì ní lè bá yín jiyàn, torí mo ti gbà."

Mo bú sẹ́kún. Wọ́n ní bí a bá ń sunkún, à á máa ríran. Mo rí i pé Bàbá Ìjẹ̀bú ti fi fìlà rẹ̀ sínú mọ́tò, ó ń ká ọwọ́ aṣọ rẹ̀. Ó bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀, ó kó ọ̀pẹ̀yìnbó tó dára mọ́ àyà bí ó ti lè kó o mọ, ó gbé e sẹ́yìn mọ́tò. Oyin tẹ̀ lé e.

"Àjáh apá ibo?" ló bi wá. "Ẹ tètè kó o. Oòrùn ń mú wọn."

Nígbà tí màmá mi pàtẹ tán ní Àjáh, sí ibi tí ẹnikẹ́ni kò lè pè ní ojú títì, wọn kò jẹ́ kí ará àdúgbò kankan fọwọ́ kàn án. Wọ́n ní ẹ̀gbọ́n àwọn ni yóò ṣe àkọ́rà. Bàbá náà gbé ọ̀kan, ó bi wọ́n ní iye rẹ̀, ó sì ṣe háà. Ìjẹ̀bú ni, ẹ má gbàgbé. Ó ná an bí ẹni tí kò mọ̀ wọ́n rí. Ó ṣe bí ẹni tó fẹ́ máa lọ, ó padà. Màmá mi kò yọ kọ́bọ̀ kúrò níbẹ̀, ojú wọn ń dán, wọ́n ń pè é ní kọ́sítọ́mà. Èmi ló yé. Kò sí ẹni tó ń ná ọjà ẹni tó fẹ́ kó lọ sílé.

Ó sanwó. Ó dúró lẹ́gbẹ̀ẹ́ àtẹ, ó ń jẹ ọ̀pẹ̀yìnbó, oje ń ṣàn sí irùngbọ̀n rẹ̀, ó sì ń sọ fún gbogbo ẹni tó ń kọjá pé kí wọ́n wá rà, pé ó dùn kọjá àlà. Àwọn birikilà dé. Àwọn mẹkáníìkì jáde lábẹ́ mọ́tò. Kí oòrùn tó wọ̀, ewé ọ̀pẹ̀yìnbó nìkan ló kù lórí àtẹ.

Bàbá Ìjẹ̀bú ta kọ́kọ́rọ́ mọ́tò rẹ̀ lọ́wọ́. Mọ́tò náà ṣófo. "Ọ̀pẹ̀yìnbó ńkọ́?" ló fi àbúrò rẹ̀ ṣẹ̀fẹ̀.

"Ó ti pọ̀," ni màmá mi dáhùn, wọ́n ń gbọn ìborùn wọn.

"Ẹ̀rù tó ń bà ọ́ yẹn ńkọ́?"

Màmá mi wò ó, wọ́n wò mí, wọ́n so ìborùn náà mọ́dìí.

"Ìyẹn ti tán," ni wọ́n wí.